Ìdọ̀bálẹ̀ Tí O Ṣe fún Bàbá Àwọn Ará Ítálì

Ushafa, lẹ́bàá Bwari,
Abuja.

Àkànní mi, Níyì, ọmọ tí mo bí tí mo fi rẹ́rìn-ín,

Láti ọjọ́ Ìsinmi tí o pè mí pé wọ́n ti fi ọ́ sílẹ̀ ni oúnjẹ ti tún bẹ̀rẹ̀ sí í dùn lẹ́nu mi. Lánàá mo jẹ iṣu, mo tún bù sí i. Ọkọ mi ń wò mí, ó ní, "Ìyá Níyì, ṣé o ò ní jẹ àwo mọ́ ọn báyìí?" Mo ní kó fi mí lọ́rùn sílẹ̀, pé odidi ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni mo fi ń gbé oúnjẹ mì bí ẹni ń gbé òkúta mì. Àwọn àgbà ní ikú tó fẹ́ pani, tó bá ṣíni ní fìlà, ọpẹ́ ló yẹ ká dú. Mo ti dúpẹ́ títí, orúnkún mi ti fẹ́rẹ̀ẹ́ bó.

Ṣé o rí i pé mo kọ "ọkọ mi"? Ojú ṣì ń tì mí. Oṣù mẹ́rin péré la ti ṣe é, bí àwọn obìnrin ìjọ bá sì pè mí ní ìyàwó tuntun, ṣe ni mo máa ń fi etí ìborùn bo ẹnu. Ìyàwó tuntun wo ló ní ọmọ tó ń gbé Amẹ́ríkà? O mọ̀ pé ìwé kẹrin ni mo ti fi ilé ẹ̀kọ́ sílẹ̀. Bí mo ṣe ń sọ̀rọ̀ ni mo ṣe ń kọ ọ́. Ọkọ mi, Bàbá Káyọ̀, ló ń bá mi fi àmì sórí rẹ̀ bó bá ti ibi iṣẹ́ káfíńtà dé, nítorí náà, àmì tí o bá rí tó ṣì, òun ni kí o bá wí. Ọmọbìnrin ìyá ìjọ wa tó ń padà sí ọ̀dọ̀ yín lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀ ni yóò mú lẹ́tà yìí wá. Mi ò lè sọ ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ lórí fóònù. Lórí fóònù, bí o bá ti ní "Màmá, ẹ jọ̀ọ́", ó ti tán, ọkàn mi á rọ̀.

Ìbéèrè tí o bi mí kó tó di pé fóònù já ni mo fẹ́ dáhùn. O ní ìyàwó bàbá ará Ítálì yẹn pè ọ́, pé kí o wá bá wọn jẹun lọ́jọ́ ìbí ọkọ òun, pé kò sí ọ̀rọ̀ iṣẹ́ níbẹ̀ mọ́, pé àárò rẹ ń sọ bàbá ni. O wá ní, "Màmá, ṣé kí n lọ? Bí mi ò bá lọ, ṣé kì í ṣe àìmoore nìyẹn?" Mo ní kí o jẹ́ kí n rò ó. Mo ti rò ó.

Ṣùgbọ́n kí n tó dáhùn, ó yẹ kí n gba ẹ̀bi tèmi, torí èmi ni mo rán ọ níṣẹ́ tó fẹ́rẹ̀ẹ́ ba ayé rẹ jẹ́. Lọ́jọ́ tí o ń lọ, ní pápákọ̀ òfuurufú, mo di ọwọ́ rẹ mú, mo ní, "Àgbàlagbà yòówù tó bá fún ọ lóúnjẹ lọ́hùn-ún, bàbá rẹ ni. Dọ̀bálẹ̀ fún un. Má jẹ́ kí wọ́n sọ pé mi ò kọ́ ọ." O gbọ́ràn. Ọ̀sẹ̀ kejì tí o bẹ̀rẹ̀ sí í fọ abọ́ ní ilé oúnjẹ àwọn ará Ítálì yẹn, bàbá arúgbó tó máa ń jókòó sí igun pè ọ́, ó bu búrẹ́dì fún ọ, ó fi ẹja lé e. Ìwọ náà na gbalaja sílẹ̀ níwájú tábìlì rẹ̀, àyà rẹ kan ilẹ̀, "Ẹ ṣé, Bàbá mi." O ní àwọn ọkùnrin méjì ti ki ọwọ́ bọ inú kóòtù kí bàbá náà tó gbọ́wọ́ sókè, pé ó rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀, pé láti ọjọ́ náà ni wọ́n ti ń bu ẹran tìrẹ sọ́tọ̀.

Ọmọ mi, ìyá rẹ jó níbí. Mo ròyìn rẹ̀ ní ìjọ! Mo bi ọ́ pé kí ni wọ́n ń pe bàbá rere yìí, o ní Nónò, pé bàbá àgbà ni lédè wọn. Mo ní, "Nọ́nọ̀, wàrà tí àwọn Fúlàní ń tà?" A jọ rẹ́rìn-ín. Mo wá ní, "Iṣẹ́ wo ló ń ṣe?" O ní, "Màmá, kò ṣe nǹkan kan. Ó kàn máa ń jókòó ni."

Ibẹ̀ ló yẹ kí n ti dìde. Ẹni tó kàn ń jókòó, tí gbogbo àdúgbò wá ń dìde fún, iṣẹ́ ń bẹ níbẹ̀.

O rántí ọjọ́ tí o ṣàlàyé wọn fún mi? O ní ẹbí ni wọ́n ń pe ara wọn, ṣùgbọ́n wọn kì í ṣe ọmọ ìyá kan náà gbogbo wọn. Pé ọkọ̀ ojú omi ló gbé àwọn bàbá wọn wá láti Ítálì, tí ẹnikẹ́ni kò kà wọ́n sí ní New York, ni wọ́n bá gbára jọ láti gbèjà ara wọn, kó tó di pé ìgbèjà náà di ohun tí wọ́n ń tà fúnni ní dandan. Pé ẹbí bíi mélòó kan ló pín ìlú ńlá náà mọ́wọ́, tí kálukú ní òpópónà tirẹ̀. Àwọn ló ń pinnu ẹni tí yóò kó pàǹtírí, ẹni tí ọkọ̀ rẹ̀ yóò gbé búrẹ́dì, ṣọ́ọ̀bù tí kò bá sì júbà, fèrèsé rẹ̀ á fọ́. Mo ní, "Níyì, àgbèrò nìyẹn."

O ní, "Màmá, rárá o. Àwọn yìí máa ń wọ kóòtù."

Mo ní, "Àgbèrò tó wọ kóòtù, ṣé kóòtù ló ń ṣe àgbèrò ni?"

O rẹ́rìn-ín nígbà yẹn. Lẹ́yìn oṣù kan ni ọkọ ọmọ Nónò fún ọ ní kọ́kọ́rọ́ ọkọ̀ akẹ́rù kékeré kan, pé kí o wà á lọ sí ẹ̀yìn ilé búrẹ́dì kan, kí o fi í sílẹ̀ síbẹ̀, kí o fẹsẹ̀ rìn lọ sílé, kí o má sì wo ẹ̀yìn rẹ̀. O bèèrè ohun tó wà níbẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ní, "O dọ̀bálẹ̀ fún un lójú gbogbo wa. Kí lo rò pé o ń ṣe?"

O rí i pé ohun tí wọ́n kà á sí kì í ṣe ohun tí mo kọ́ ọ. Lójú tiwa, ìkíni ni. Lójú tiwọn, ìbúra ni o ṣe, o ti fi ara rẹ lé bàbá wọn lọ́wọ́. Èmi ìyá rẹ ni mo fi ẹnu mi rán ọ lọ ṣe é. Ìdí tí mi ò fi lè jẹun nìyẹn.

Ìmọ̀ràn tí mo fẹ́ gbà ọ́ kì í ṣe látinú ìwé. Èkíní nìyí, òun ló sì nira jù láti kọ. Ẹnì kan ṣoṣo ni mo ti sọ ọ́ fún, òun náà ló ń fi àmì sí i yìí, kò sì tíì kó ẹrù rẹ̀ jáde.

Ẹni ogún ọdún ni mí nígbà tí mo kúrò ní Ìkirè wá bá àǹtí mi ní Garki. Irun ni mò ń dì. Ọ̀gá kan wà ní páàkì tí a ń pè ní Bàbá Gẹ̀lẹ̀tẹ̀, ọmọ Yorùbá bíi tiwa, òun ló sì ń pàṣẹ fún gbogbo àwọn tó ń tajà àti àwọn tó ń ṣiṣẹ́ ọwọ́ ní àyíká ibẹ̀. Ó rí mi tí oòrùn ń pa mí, ó ní kí wọ́n ta tapólì fún mi sí abẹ́ igi, ó ní ẹnikẹ́ni ò gbọ́dọ̀ yọ mí lẹ́nu. Láàárọ̀ láàárọ̀ ni mò ń kúnlẹ̀ fún un, "Ẹ káàárọ̀, Bàbá mi." Àwọn ẹlẹgbẹ́ mi á ní, "Ọmọ Bàbá dé o!" Orí mi á wú.

Bàbá Hausa kan tó ń rán bàtà ló jókòó tì mí, Màlámù Audu. "Sànnu," lá máa wí bí mo bá dé. Bí ìyàwó rẹ̀ bá fún un ní máásà, á ya èyí tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gbóná fún mi. Bàbá Gẹ̀lẹ̀tẹ̀ fẹ́ gba ààyè rẹ̀ fún àna rẹ̀ tó fẹ́ máa ta kásẹ́ẹ̀tì. Màlámù ní òun ò lọ, pé òun ti wà níbẹ̀ kí wọ́n tó tẹ́ ọ̀dà sí títì. Ní ọ̀sán ọjọ́ kan, àwọn ọmọ Bàbá da àpótí rẹ̀ nù, wọ́n lù ú. Nígbà tí ọlọ́pàá dé, Bàbá Gẹ̀lẹ̀tẹ̀ pè mí síwájú gbogbo ènìyàn. Kò halẹ̀ mọ́ mi. Kò ní kí n purọ́. Ó kàn rọra wò mí, ó ní, "Bísí, ọmọ mi, ìwọ lo jókòó níbẹ̀. Kí lo rí?"

Níyì, ojú rẹ̀ ni mo wò. Mo wo tapólì orí mi. Mo ní, "Màlámù ló kọ́kọ́ na òòlu bàtà sí wọn."

Màlámù Audu kò bú mi. Ó wò mí, ó ní, "Kai." Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Wọ́n mú un lọ, kò sì padà wá mọ́. Oṣù mẹ́rin ni mo ṣì fi dirun lẹ́gbẹ̀ẹ́ kásẹ́ẹ̀tì tó ń kọrin ní ààyè rẹ̀ kí n tó ní ìgboyà láti kúrò níbẹ̀. Mo ti wá a kiri títí dé Bwari. Mi ò rí i.

Torí náà, ohun tí mo fẹ́ kí o mọ̀ ni pé irú àwọn bàbá bẹ́ẹ̀ kì í sábà fipá mú ọmọ. Wọn á ṣe ọ́ lóore títí tí ojú á fi máa tì ọ́ láti sọ pé rárá. Ìtìjú ni okùn wọn. Ìwọ sì rèé, èmi ni mo bí ọ, èmi tí n kì í lè wo ojú ènìyàn lẹ́ẹ̀mejì.

Ìdí nìyẹn tí mo fi pariwo lọ́jọ́ Ìsinmi yẹn. O ní ọ̀sán gangan ni o lọ bá Nónò, níbi tó ti ń mu kọfí, pé lójú àwọn tó rí ìdọ̀bálẹ̀ rẹ náà ni o fẹ́ sọ ọ́. "Mo dúró ni, Màmá. Mi ò dọ̀bálẹ̀ fún un." O ní fún un pé, "Bàbá, nílé wa, gbogbo àgbà là ń dọ̀bálẹ̀ fún. Mi ò ta ara mi o. Ẹ ṣé fún oúnjẹ. Ṣùgbọ́n mi ò ní wa ọkọ̀ yẹn."

Ó ní, "Gbogbo àgbà?"

O ní, "Gbogbo wọn, sà."

Ó wò yíká, ó na ìka sí bàbá ará Mẹ́síkò tó ń gbá ilẹ̀, tí o ní wọn kì í tilẹ̀ kí. Ó ní, "Èyí náà ńkọ́?"

Kò tíì pa ẹnu dé tí o fi ti nà gbalaja sórí ilẹ̀ tútù, "Ẹ kú iṣẹ́, Bàbá!" Bàbá náà ju ìgbálẹ̀ nù, ó figbe ta, ó rò pé gìrì ló mú ọ! Áà, Àkànní! Mo rẹ́rìn-ín débi pé Bàbá Káyọ̀ sáré wọlé tòun ti òòlù lọ́wọ́, ó rò pé ejò ni mo rí. Gbogbo wọn ń rẹ́rìn-ín lọ́hùn-ún náà, o ní Nónò nìkan ni kò rẹ́rìn-ín. Ó wá sọ fún ọkọ ọmọ rẹ̀ pé, "Èyí kì í ṣe tiwa. Ìyá rẹ̀ ló ni ín. Ẹ fi í sílẹ̀ kó máa lọ."

Ọmọ tí mo bí ṣe ohun tí mi ò lè ṣe ní Garki. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, mo tún dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ.

Èkejì: má tìtorí èyí pa ìdọ̀bálẹ̀ tì. Ní ilé ìtọ́jú àwọn arúgbó tí o ti ń fọṣọ báyìí, o ní wọ́n pọ̀ níbẹ̀ tí ọmọ wọn kì í wá wò. Kí wọn dáadáa. Kí o sáà kọ́kọ́ ṣàlàyé fún wọn pé bí a ṣe ń kí àgbà nìyẹn, kí àyà má baà já ẹlòmíì kú mọ́ ọ lọ́wọ́.

Ẹ̀kẹta, tàbí ẹ̀kẹrin ni, mi ò mọ ibi tí mo kà á dé mọ́. Ọ̀rọ̀ oore ni. O máa ní báwo lèèyàn ṣe ń mọ oore tó ní ìwọ̀ nínú. Jẹ́ kí n sọ bí mo ṣe fẹ́ Bàbá Káyọ̀ fún ọ, má fi mí ṣe yẹ̀yẹ́. Lọ́dún tí ìjì gbé ilẹ̀kùn mi lọ, Life Camp ló ti ń bọ̀ níbi iṣẹ́, ó rí aṣọ tí mo ta dí ẹnu ọ̀nà. Lọ́jọ́ kejì ó gbé ilẹ̀kùn dé, ó kàn án, kò gba nǹkan kan lọ́wọ́ mi. Ẹ̀rù bà mí. Tapólì ni mo rántí. Mo ní, "Bàbá Káyọ̀, kí lẹ máa wá ní kí n ṣe báyìí?" Ó dúró tòun ti ìṣó lẹ́nu, ó ní, "Kí ẹ máa ti ilẹ̀kùn ni."

Ó tó ọdún méjì kó tó sọ pé òun fẹ́ mi. Mo ní rárá. Lọ́jọ́ kejì ó kọjá, "Ẹ káàárọ̀ o, Ìyá Níyì," ohùn rẹ̀ kò yí padà, ó tún bi mí bí ilẹ̀kùn ṣe ń ṣe. Nígbà tí mo ti sọ rárá lẹ́ẹ̀mẹta, tí ìkíni rẹ̀ ò dín, ni mo ní ó dáa. Torí náà, ẹni tó bá ń ṣe ọ́ lóore, wá ọjọ́ kan kí o sọ pé rárá fún un, kí o sì wo ojú rẹ̀. Ọmọbìnrin tí o bá fẹ́ fẹ́ náà, ṣe bẹ́ẹ̀ fún un. Kóun náà sì ṣe é fún ọ.

Mo mọ ohun tí o máa sọ. O máa ní Nónò náà gbọ́ rárá, ó sì fi ọ́ sílẹ̀. Òótọ́ ni. Mò ń gbàdúrà fún un nítorí rẹ̀, mi ò ní purọ́ fún ọ. Àti pé ẹni tí a ṣe lóore tí kò dúpẹ́, ó burú bí ọlọ́ṣà tó kóni lẹ́rù lọ. Mo mọ̀ ọ́n. Èmi ni mo kọ́ ọ.

Ṣùgbọ́n tábìlì yẹn kì í ṣe ti Nónò nìkan. Ọkọ ọmọ rẹ̀ á jókòó síbẹ̀, kò sì sọ pé òun fi ọ́ sílẹ̀, wọ́n pa á láṣẹ ni. Nónò ti darúgbó. Lọ́jọ́ tí kò bá sí mọ́, ta ni yóò pàṣẹ? Ohun kan tún wà. O sọ fún mi nípa ìyá tó ń ta òdòdó ní òdìkejì ibẹ̀, tí wọ́n fọ́ fèrèsé rẹ̀. Fèrèsé ilé oúnjẹ náà gbòòrò, yóò rí ọ láàárín wọn tí o ń jẹun. Kò ní mọ̀ pé o kọ̀ láti wa ọkọ̀. Màlámù Audu kò mọ ohun tó wà lọ́kàn mi. Ibi tí mo jókòó sí ló rí.

Má lọ, Àkànní.

Má sì dákẹ́ lásán, nítorí ìyàwó Nónò kò ṣẹ̀ ọ́. Pè é lọ́sàn-án, kí o kí i dáadáa, kí o gbàdúrà ọjọ́ ìbí fún ọkọ rẹ̀, kí o dúpẹ́ oúnjẹ ọjọ́ gbogbo. Bó bá ní kí ló dé tí o ò ní wá, má purọ́ iṣẹ́, má ní ara rẹ ò yá. Sọ fún un pé ìyá rẹ ló ní kí o má wá. Kó bínú sí mi bó bá fẹ́ bínú, Ushafa jìnnà sí New York. Bí bàbá náà bá sì gba fóònù lọ́wọ́ rẹ̀, tó fi ohùn pẹ̀lẹ́ sọ pé, "Níyì, ọmọ mi," jẹ́ kó sọ̀rọ̀ tán, kí o má já lu ọ̀rọ̀ àgbà. Lẹ́yìn náà kí o tún un sọ pé o ò ní wá.

Nígbà tí mo wà lẹ́ni ogún ọdún, mi ò lè wo ojú àgbà kan kí n sọ fún un pé rárá. Ìwọ bá mi sọ ọ́ fún èyí.

Èmi ni,
Bísí, ìyá rẹ.